Ẹ JẸ́ KÁ MỌ̀: Báwo ni ìtàn adẹ́rùbani inú ìwé ṣe ń di fíìmù?

Kí ló dé tí ìwé tó bà wá lẹ́rù fi lè máà bà wá lẹ́rù mọ́ tó bá di fíìmù?

1. D.O. Fágúnwà tẹ Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ jáde ní 1938. Ojú 16 ni Àgbákò, abàmì ẹ̀dá inú rẹ̀, ní. Bí a bá ń kà á, olúkúlùkù ló ń ya Àgbákò tirẹ̀ sọ́kàn. Fíìmù gbọ́dọ̀ mú ẹyọ kan ṣoṣo. Bí wọn kò bá ṣe é dáadáa, ẹ̀rín la máa bú sí.

2. Ẹ wá wo Thunderbolt: Mágùn, fíìmù Túndé Kèlání ti 2001. Inú ìtàn Adébáyọ̀ Fálétí ló ti wá. Fẹ́mi Káyọ̀dé ló kọ ọ́ fún fíìmù. Yínká fura sí Ngozi, ìyàwó rẹ̀ tó jẹ́ ọmọ Ìgbò, ni mágùn, oògùn apani tí wọ́n fi ń dẹ obìnrin tí wọ́n bá fura sí pé ó ń ṣe panṣágà, bá wọ ara obìnrin náà láìjẹ́ pé ó mọ̀.

Mágùn kò ní ojú, kò ní ìwo. Ojú Ngozi ni kámẹ́rà ń tẹ̀ lé: ọjọ́ ń lọ, ikú ń bọ̀, àwọn dókítà sì ń jiyàn bóyá irú nǹkan bẹ́ẹ̀ wà. Lójú tèmi, ìdí nìyẹn tí ẹ̀rù rẹ̀ fi wọni lára ju ti iwin onírun lọ.

3. Ohun tí òǹkọ̀wé fi ojú ewé kan rò, ìṣe àti ohùn ni fíìmù máa fi sọ ọ́.

Ìwé Yorùbá wo ni ẹ fẹ́ kí wọ́n sọ di fíìmù? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀, kí ẹ sì pín in fún àwọn ọ̀rẹ́ yín.