Àwọn Ọmọ Ogun Mesehti
Igi tí a kùn lọ́dà
Asyut, Íjíbítì, nǹkan bí ọdún 2000 ṣáájú ìbí Kristi

Ibojì Mesehti, olórí agbègbè Asyut, ni a ti rí wọn. Ọmọ ogun Íjíbítì 40 ló tò ní mẹ́rin-mẹ́rin, láìwọ bàtà, ọ̀kọ̀ lọ́wọ́ ọ̀tún, asà lọ́wọ́ òsì. Awọ màlúù ni wọ́n fi ń bo asà nígbà náà. Ẹ wo bí àwọ̀ asà kan ṣe yàtọ̀ sí ti èkejì. Gíga àwọn ọmọ ogun náà pàápàá kò dọ́gba: agbẹ́gi náà mọ̀ pé èèyàn ni ọmọ ogun. Tafàtafà 40 láti Nubia wà nínú ibojì kan náà, nítorí àwọn ará Nubia pẹ̀lú jagun fún Íjíbítì.