Ìdáàbòbò Aládùúgbò Lásìkò Ogun Abẹ́lé: Ọ̀rọ̀ Ilé Àwọn Ìgbò ní Yábàá àti Sùúrùlérè

Láti ọdún 1963 ni ilé-iṣẹ́ Yad Vashem ní Jerúsálẹ́mù ti ń bu ọlá fún àwọn tí kì í ṣe Júù tí wọ́n fi ẹ̀mí ara wọn wéwu láti gba Júù lọ́wọ́ ìjọba Násì. Orúkọ tí ó wà nínú àkójọ náà ti ju 28,000 lọ. Èkó ní ìtàn tí ó fara pẹ́ èyí, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ogun abẹ́lé ni tirẹ̀.

Lẹ́yìn ìfipágbàjọba oṣù Keje, 1966 àti ìpakúpa àwọn Ìgbò ní Òkè Ọya, ọ̀pọ̀ Ìgbò kó kúrò ní Yábàá, Sùúrùlérè àti Muṣin lọ sí Ìlà-Oòrùn. Ogun bẹ́ ní ọjọ́ 6, oṣù Keje, 1967. Àwọn tí ó ṣẹ́kù ní Èkó di ẹni ìfura, wọ́n sì kó ọ̀pọ̀ sí àtìmọ́lé. Ní irú àkókò bẹ́ẹ̀, ẹnu aládùúgbò tó ohun tí ń pa ènìyàn.

Ṣùgbọ́n ìdáàbòbò ti Èkó kò mọ sí orí ẹ̀mí nìkan. Ẹni tí ń sá lọ a fi kọ́kọ́rọ́ ilé lé ọ̀rẹ́ tàbí aládùúgbò Yorùbá lọ́wọ́. Onítọ̀hún a máa gba owó lọ́wọ́ àwọn ayálégbé, a tún òrùlé tí ń jò ṣe, a sì tọ́jú ìyókù de onílé. Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni ó ṣe bẹ́ẹ̀ o, ṣùgbọ́n àwọn tí ó ṣe é pọ̀ tó láti di ohun tí àwọn Ìgbò fúnra wọn ń ròyìn. Ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó lábẹ́ Mobolaji Johnson pẹ̀lú kò gba ilé wọn.

Nígbà tí ogun parí ní oṣù Kìn-ín-ní, 1970, ogún pọ́n-ùn péré ni ìjọba àpapọ̀ san fún ẹni tí ó ti lo àkáǹtì rẹ̀ ní Bìáfírà, iye yòówù kí ó wà níbẹ̀. Nítorí náà, owó ilé ọdún mẹ́ta tí onílé bá nílẹ̀ ní Sùúrùlérè lè tó o dá òwò sílẹ̀. Ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tí ó kọ́lé sí Port Harcourt bá ẹlòmíràn nínú ilé, lábẹ́ ètò tí wọ́n pè ní ti dúkìá tí a pa tì.

Gbogbo ayé mọ Fajuyi, tí ó kú pẹ̀lú Ironsi àlejò rẹ̀ ní 1966. Orúkọ àwọn tí ó tọ́jú kọ́kọ́rọ́ kò sí nínú ìwé ilé-ẹ̀kọ́. Ẹni tí ó jẹ́ ọmọ ọdún 25 ní 1967 ti lé ní 80 báyìí. Rìsíìtì owó ilé àtijọ́ ni ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ olùkọ́ kọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ rẹ̀.