Ṣé o mọ̀? Akọ̀ròyìn tí ó di òǹkọ̀wé sinimá apanilẹ́rìn-ín

Alekos Sakellarios, ọmọ bíbí ìlú Áténì ní ilẹ̀ Gíríìsì, ṣe iṣẹ́ akọ̀ròyìn kí ó tó gbajúmọ̀ gẹ́gẹ́ bí òǹkọ̀wé sinimá, ìyẹn ẹni tí ó ń kọ ohun tí àwọn òṣèré yóò sọ àti èyí tí wọn yóò ṣe sílẹ̀. Òun àti Christos Giannakopoulos ni wọ́n jọ kọ eré orí ìtàgé nípa ọkùnrin kan tí ó lálàá pé àwọn ọmọ ogun Jámánì tún padà gba Áténì. Ní 1948, nígbà tí ogun abẹ́lé ṣì ń jà, Sakellarios fúnra rẹ̀ darí sinimá tí wọ́n fi eré náà ṣe, bẹ́ẹ̀ ọgbẹ́ tí kò tíì jinná ni wọ́n ń fi ẹ̀rín kàn. Òun náà ni ó darí sinimá olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́bìnrin olórí kunkun ní 1959, èyí tí òṣèrébìnrin Aliki Vougiouklaki kópa nínú rẹ̀.