Ohun tí Agbowó-orí Lè Rí Nínú Àkáǹtì

Gbogbo owó tó bá gba orí fóònù kọjá ló ń fi ipasẹ̀ sílẹ̀. Báńkì tó fi í ránṣẹ́ mọ orúkọ ẹni tó ni ín, nọ́ńbà ìdánimọ̀ rẹ̀ ní báńkì (BVN), wákàtí tó tẹ fóònù, iye owó, àkáǹtì tí owó lọ àti ọ̀rọ̀ ṣókí tó kọ sábẹ́ rẹ̀. Báńkì tó gbà á náà kọ tirẹ̀ sílẹ̀. Ní Ọ̀wẹnà, lágbègbè Ìdànrè, níbi tí kòkó ti ń gbọ́ bùkátà ọ̀pọ̀ ilé, èyí ti di ohun ojú ń rí lásìkò ìkórè. Àgbẹ̀ gbé àpò lé òṣùwọ̀n, ẹni tó ń rà á ka kílò, ó tẹ fóònù. Àgbẹ̀ kò ní kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ òṣùwọ̀n títí alẹ́ẹ̀tì yóò fi dún. Ìbéèrè tó kù ni bóyá etí ìjọba náà gbọ́ ọ.

Láyé owó pépà, ojú lásán ni agbowó-orí fi ń díwọ̀n ọrọ̀. Ó wo ilé, ó wo oko, ó bu iye tó bá tọ́ lójú rẹ̀ lé onílé. Ara ohun tó fa ogun Àgbẹ̀kọ̀yà ní agbègbè Ìbàdàn àti àyíká rẹ̀ láàrin 1968 sí 1969 nìyẹn: owó kòkó já wálẹ̀, owó orí kò bá a wálẹ̀, títí ìjọba fi dín in kù sí pọ́n-ùn méjì. Lónìí, kò sí ìdí fún agbowó-orí láti wọ oko mọ́.

Òfin kò gbàgbé ọ̀rọ̀ àṣírí. Abala 37 nínú ìwé òfin ọdún 1999 dáàbò bo àṣírí ọmọ Nàìjíríà, ilé rẹ̀, lẹ́tà rẹ̀ àti ọ̀rọ̀ tó bá sọ lórí tẹlifóònù. Òfin ààbò dátà tí wọ́n buwọ́ lù ní oṣù Kẹfà 2023 tún de báńkì lọ́wọ́: òṣìṣẹ́ báńkì tó bá lọ sọ fún ìyálé iye tó wà lákáǹtì baálé ti rúfin. Ṣùgbọ́n òfin tó ti ilẹ̀kùn yìí náà ló fi kọ́kọ́rọ́ lé ìjọba lọ́wọ́.

Kọ́kọ́rọ́ àkọ́kọ́ ni ìròyìn tí báńkì fúnra rẹ̀ ń kó lọ. Òfin tó dá FIRS, iléeṣẹ́ owó orí ìjọba àpapọ̀, sílẹ̀ ní 2007 ti pàṣẹ pé kí báńkì máa fi orúkọ àti àdírẹ́sì ẹni tí mílíọ̀nù márùn-ún náírà sókè bá gba ọwọ́ rẹ̀ kọjá ránṣẹ́, mílíọ̀nù mẹ́wàá sì ni ti iléeṣẹ́. Òfin tó gbógun ti fífi owó ìwà ọ̀daràn pamọ́, ti ọdún 2022, lo iye kan náà, àmọ́ ọ̀dọ̀ NFIU, àwọn tó ń tọpasẹ̀ owó ọ̀daràn, ni tirẹ̀ ń lọ. Nítorí náà, ariwo tó gbòde lápá ìparí 2025, pé ìjọba ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ máa yọjú wo àkáǹtì, ti pẹ́ kó tó dé. Òfin ìṣàkóso owó orí tí Ààrẹ Tinubu buwọ́ lù ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹfà 2025, tó sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ 1 oṣù Kìíní 2026, gbé iye náà sókè ni, kò rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. Ẹni tó ń fi ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogún ránṣẹ́ sọ́mọ nílé ìwé kò sí nínú ìwé yẹn.

Ìkejì ni ìwé ìbéèrè: bí wọ́n bá ń yẹ ọ̀rọ̀ ẹnì kan wò, wọ́n lè ní kí báńkì kó sítétímẹ́ǹtì rẹ̀ wá.

Ìkẹta ló ń dun èèyàn jù, ìyẹn ni dídi àkáǹtì pa. Ní 2018, nígbà tí Babatunde Fowler jẹ́ olórí FIRS, iléeṣẹ́ náà ní kí báńkì ti àkáǹtì àwọn oníṣòwò tí bílíọ̀nù kan náírà sókè ti gba inú rẹ̀ kọjá, tí wọn kò sì san owó orí. Ariwo ta, ni wọ́n bá dá a dúró fún ọgbọ̀n ọjọ́ ní oṣù Kejì 2019. Ilé-ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ ní Warri náà dájọ́ lẹ́yìn náà pé FIRS kò lè di àkáǹtì ẹni tí kò tíì bu iye kankan lé lójú ìwé. Ẹjọ́ náà tọ́. Gbèsè gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ní iye àti ọjọ́, kí ẹnikẹ́ni tó na ọwọ́ sí owó ẹlòmíràn.

Nọ́ńbà ló mú gbogbo èyí rọrùn. Nígbà kan, èèyàn kan lè fi orúkọ mẹ́ta ṣí àkáǹtì mẹ́ta, kí báńkì kan má mọ̀ nípa èkejì. BVN, tí Báńkì Àpapọ̀ gbé jáde ní oṣù Kejì 2014, kó wọn jọ sábẹ́ ìka ọwọ́ kan. Iléeṣẹ́ NRS tó rọ́pò FIRS sì ti ṣàlàyé pé NIN, nọ́ńbà ìdánimọ̀ ọmọ orílẹ̀-èdè, ni yóò jẹ́ nọ́ńbà owó orí fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Báńkì tó jẹ́ orúkọ odò Ọ̀wẹnà fi hàn bí BVN ṣe lágbára tó. Owena Bank, báńkì ìpínlẹ̀ Oǹdó láyé ọjọ́un, di Omega Bank. Omega wọ inú Spring Bank nígbà ìdàpọ̀ àwọn báńkì ní 2005, Spring di Enterprise ní 2011, Heritage Bank ra Enterprise, Báńkì Àpapọ̀ sì gba ìwé àṣẹ Heritage ní ọjọ́ 3 oṣù Kẹfà 2024. Nígbà tí NDIC, àjọ tó ń dáàbò bo owó inú báńkì, fẹ́ dá owó àwọn oníbàárà padà, tí kò ní ju mílíọ̀nù márùn-ún lọ fún ẹnì kan, BVN ni wọ́n fi wá àkáǹtì tí kálukú ní ní báńkì mìíràn, wọ́n sì san án síbẹ̀. Ojú tó ń ba aráyé lẹ́rù yìí náà ló bá wọn wá owó wọn rí.

Ohun tí agbowó-orí kò rí sì pọ̀. Kò jókòó sídìí kọ̀ǹpútà kan máa wo fóònù aráàlú bí ẹni ń wo tẹlifíṣọ̀n, kò sì mọ páásìwọ́ọ̀dù ẹnì kankan. Pàtàkì rẹ̀ ni pé sítétímẹ́ǹtì ń fi owó hàn, kì í fi èrè hàn. Kí á ní iléeṣẹ́ kan tó ń kó kòkó lọ sókè òkun fi 40 mílíọ̀nù náírà ránṣẹ́ sí oníṣòwò kan ní Ọ̀wẹnà. Bí kílò kan bá jẹ́ ₦5,000, tọ́ọ̀nù mẹ́jọ ni yóò rà lọ́wọ́ àwọn àgbẹ̀. Bí èrè tirẹ̀ bá jẹ́ ₦200 lórí kílò, mílíọ̀nù kan àti ẹgbẹ̀ta ẹgbẹ̀rún ló jẹ́. Yọ owó mọ́tò, owó alábàárù àti owó àpò, ká ní ₦500,000: ó ku ₦1,100,000. Òfin owó orí tuntun kò gba kọ́bọ̀ lórí ₦800,000 àkọ́kọ́ lọ́dún, ìdá mẹ́ẹ̀ẹ́dógún nínú ọgọ́rùn-ún ló ń gbà lórí èyí tó tẹ̀lé e. Bí gbogbo òwò rẹ̀ lọ́dún náà bá mọ síbẹ̀, ₦45,000 ni owó orí rẹ̀. Ogójì mílíọ̀nù ni báńkì rí. Ẹni tó mọ̀ pé ₦1,100,000 ni tòun gan-an ni ẹni tó ní ìwé: rìsíìtì òṣùwọ̀n, orúkọ àgbẹ̀, owó mọ́tò. Ẹni tí kò bá ní ìwé, òfin gbà kí agbowó-orí fi òye tirẹ̀ díwọ̀n fún un, ọ̀rọ̀ á sì padà di ti ayé Àgbẹ̀kọ̀yà.

Nígbà tí òfin yìí ń bọ̀, àwọn kan ń gba ara wọn nímọ̀ràn láti máa kọ “ẹ̀bùn” sábẹ́ gbogbo tíránsífà. Ọ̀rọ̀ yẹn kò sọ èrè di ẹ̀bùn, àìkọ ọ́ kò sì sọ ẹ̀bùn di èrè. Àwọn mìíràn gbà pé ₦50 tí báńkì ń yọ lórí tíránsífà ₦10,000 sókè ni owó orí tuntun náà. Owó òǹtẹ̀ ni. Ó ti wà tipẹ́; ohun tó yí padà ní 2026 ni pé ẹni tó fi owó ránṣẹ́ ló ń san án báyìí, kì í ṣe ẹni tó gbà á.

Ẹni tó ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù, tó sì ní àkáǹtì nílé, náà ní tirẹ̀ nínú. Nàìjíríà àti Bírítéènì wà lára àwọn orílẹ̀-èdè tó lé ní ọgọ́rùn-ún tó ń fi ìròyìn àkáǹtì àwọn tó ń gbé ọ̀dọ̀ ara wọn ránṣẹ́ síra wọn. Ohun tó mú kí ìjọba sọ ní oṣù Kẹsàn-án 2020 pé kí gbogbo oníbàárà báńkì lọ kọ fọ́ọ̀mù nìyẹn, kó tó tún ọ̀rọ̀ sọ pé àwọn tó jẹ owó orí nílẹ̀ mìíràn nìkan lòun ń bá wí.

Ojú tó súnmọ́ àkáǹtì jù kì í tilẹ̀ ṣe ojú ìjọba. Ẹni tó bá fẹ́ rí i, ìdí POS ni kó lọ wò. Ìyá àgbà na káàdì, ó sì pe nọ́ńbà ìkọ̀kọ̀ rẹ̀ sókè ketekete, ẹni mẹ́rin tó tò sẹ́yìn rẹ̀ gbọ́. Oní-POS ka iye tó kù nínú rẹ̀ sí i létí, rìsíìtì sì bọ́ sílẹ̀. Kò sí òfin owó orí kankan tó tú àṣírí tó èyí.

Ní ti owó orí fúnra rẹ̀, ìpínlẹ̀ tí èèyàn ń gbé ló ni ín, NRS ni ti iléeṣẹ́. Nítorí náà, ODIRS, iléeṣẹ́ owó orí ìpínlẹ̀ Oǹdó, ní Àkúrẹ́ ni oníṣòwò Ọ̀wẹnà yóò kọ ìṣirò rẹ̀ fún, ọjọ́ tí òfin sì fi sí i ni 31 oṣù Kẹta lọ́dọọdún.