Ta Ló Sun Ún, Kí Ló Jó? Gírámà Iná Ìgbẹ́ ní Ṣábẹ̀ àti Kétu

Nínú àpilẹ̀kọ yìí, mo fẹ́ ṣàlàyé bí àwa tí a ń sọ Yorùbá ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ ṣe ń sọ̀rọ̀ nípa iná ìgbẹ́, àti ìdí tí ó fi yẹ kí ẹni tó bá fẹ́ ṣe ògbufọ̀ nílé ẹjọ́, lọ́dọ̀ ọlọ́pàá tàbí lórí rédíò fara balẹ̀ wo ọ̀rọ̀ náà. Ọ̀rọ̀-ìṣe méjì, *jó* àti *sun*, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ arọ́pò-orúkọ kan, *wọ́n*, ni mo máa dúró lé lórí. Wọ́n kéré lójú, ṣùgbọ́n oko kajú, owó ìtanràn àti àlàáfíà láàárín aládùúgbò lè wà lórí bí a bá ṣe túmọ̀ wọn.

1. Àsìkò iná

Láti Ìdàáṣà dé Ṣábẹ̀, ọ̀dàn ló pọ̀ jù nínú ilẹ̀ wa: koríko gíga bo ilẹ̀, igi sì wà káàkiri láàárín rẹ̀. Òjò tó ń mú koríko yìí ga ju èèyàn lọ náà ló ń pèsè ohun tí iná máa jẹ. Nígbà tí òjò bá dá ní nǹkan bí Oṣù Kọkànlá, koríko á bẹ̀rẹ̀ sí í gbẹ. Bí ọyẹ́ bá wá dé ní Oṣù Kejìlá àti Oṣù Kìn-ín-ní, afẹ́fẹ́ gbígbẹ láti apá aṣálẹ̀ Sàhárà á fa ìyókù omi inú koríko náà jáde. Láti ìgbà náà títí òjò yóò fi padà, ìṣáná kan tó fún iná láti rìn láti oko dé oko.

Ọwọ́ èèyàn ni èyí tó pọ̀ jù nínú iná yìí ti ń wá, nítorí mànàmáná kì í sábà kọ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Àgbẹ̀ ń sun ilẹ̀ tó fẹ́ kọ ebè sí. Ọdẹ ń lé ọ̀yà jáde. Darandaran ń wá koríko tútù tí yóò hù lẹ́yìn iná. Ẹni tó ń wá oyin ń fín oyin pẹ̀lú èéfín. Olúkúlùkù ló ní ìdí tirẹ̀.

Iná kan kò rí bí èkejì, àsìkò ló ń ya wọ́n sọ́tọ̀. Iná tí a bá tètè dá, nígbà tí koríko kò tíì gbẹ tán, kì í ga, kì í gbóná jù, ó sì máa ń fo ibòmíràn dá. Ó ń jẹ koríko kúrò nílẹ̀ kí ọyẹ́ tó mú. Iná tó bá pẹ́, ní Oṣù Kejì tàbí Oṣù Kẹta, koríko gbígbẹ tán ló máa bá, á sì gun orí igi. Àkókò yìí gan-an ni kajú ń so. Ẹni tí iná bá mú oko kajú rẹ̀ nígbà náà pàdánù èso ọdún yẹn, ó sì lè pàdánù igi tí ó fi ọ̀pọ̀ ọdún tọ́jú.

Ẹ̀rí èyí kò jìnnà sí wa. Ní ọdún 1929, àwọn onímọ̀ igbó bẹ̀rẹ̀ àyẹ̀wò kan ní igbó ìjọba Olókèméjì, láàárín Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn. Wọ́n ń tètè sun abala ilẹ̀ kan lọ́dọọdún, wọ́n ń sun èkejì nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn bá ń parí lọ, wọn kò sì jẹ́ kí iná kan ẹ̀kẹta. Lẹ́yìn nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún, abala tí a kò sun ti di igbó dídí. Èyí tí a ń pẹ́ sun ṣì jẹ́ koríko pẹ̀lú igi díẹ̀ tó lè fara da iná. Èyí tí a ń tètè sun wà láàárín méjèèjì. Ní Kokondékro, lẹ́bàá Bouaké ní Côte d'Ivoire, irú àyẹ̀wò bẹ́ẹ̀ tí Aubréville bẹ̀rẹ̀ láàárín ọdún 1930 sí 1940 fi irú àbájáde kan náà hàn. Òfin igbó ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀, òfin 93-009 ti ọjọ́ kejì Oṣù Keje ọdún 1993, náà mọ ìyàtọ̀ yìí: kò fàyè gba iná ìgbẹ́ tí kò ní àkóso, ṣùgbọ́n ó mọ iná àtètèdá tí Faransé ń pè ní *feu précoce*.

2. *Jó* àti *sun*

Ẹ jẹ́ kí a wo àwọn gbólóhùn wọ̀nyí:

(1) a. Iná jó oko.
b. Oko jó.
(2) a. Àgbẹ̀ sun oko.
b. *Oko sun.

*Jó* lè ní àbọ̀, ó sì lè má ní. Bí kò bá ní in, ohun tó jó náà ló máa di olùwà, gẹ́gẹ́ bí (1b) ti fi hàn. Bí ó bá ní in, iná ni olùwà tí a máa ń kọ́kọ́ retí. Bí a bá fẹ́ fi èèyàn ṣe olùwà, a sábà máa ń dárúkọ iná: *ó fi iná jó o*, *ó jó o níná*. *Sun* kò rí bẹ́ẹ̀. Èèyàn ni olùwà rẹ̀, ohun tí a sun kò sì lè bọ́ sí ipò olùwà, ìdí nìyí tí (2b) fi forí ṣánpọ́n. Ẹnikẹ́ni tó bá sọ pé *sun* ti gbà pé ẹnìkan ló ṣe é. Ẹni tó sọ pé *jó* kò tíì sọ bóyá ẹnìkan wà nídìí rẹ̀ tàbí kò sí.

Ilé ìdáná lè ràn wá lọ́wọ́. A máa ń *sun* iṣu, ó sì ń jinná. Bí a bá gbàgbé rẹ̀ sínú iná, a óò ní iṣu ti *jó*. Iná kan náà ni, iṣu kan náà ni, ṣùgbọ́n ọ̀kan jẹ́ iṣẹ́ tí a mọ̀ọ́mọ̀ ṣe, èkejì jẹ́ òfò tó bá wa. Irú ìpín yìí tún wà láàárín *pa* àti *kú*: èèyàn ń pa iná, ṣùgbọ́n iná lè kú fúnra rẹ̀.

Ẹ má rò pé *sun* túmọ̀ sí ohun rere o. Ẹni tó dáná sun ilé ọmọnìkejì rẹ̀, ọ̀daràn ni. Ohun tí *sun* gbé dání ni èrò ọkàn ẹni tó ṣe é. Ẹ wo (3):

(3) a. Ó ń sun oko rẹ̀, iná ràn mọ́ oko mi, oko mi sì jó.
b. Ó dáná sun oko mi.

Nínú (3a), *sun* wà fún oko tirẹ̀, *ràn* wà fún iná tó kọjá ààlà, *jó* wà fún òfò mi. Àìbìkítà lè wà níbẹ̀, a sì lè ní kí ó san nǹkan. Nínú (3b), ẹ̀sùn pé ó mọ̀ọ́mọ̀ ba nǹkan jẹ́ ni. Bí ògbufọ̀ bá fi *il a brûlé mon champ* túmọ̀ méjèèjì, ó ti da ẹjọ́ méjì pọ̀. Ọ̀rọ̀-ìṣe *brûler* ń ṣe iṣẹ́ *jó*, ó sì ń ṣe iṣẹ́ *sun*, nítorí náà ọwọ́ ògbufọ̀ ni àlàfo náà wà.

3. Àwọn wo ni *wọ́n*?

(4) Wọ́n dáná sun oko mi.

Gbogbo wa la mọ̀ pé *wọ́n* lè tọ́ka sí èèyàn púpọ̀ tí a ti dárúkọ. Ó tún lè tọ́ka sí àgbàlagbà kan ṣoṣo tí a bọ̀wọ̀ fún: *Bàbá ti dé, wọ́n ń jẹun lọ́wọ́.* Ṣùgbọ́n iṣẹ́ kẹta wà, tí kò tọ́ka sí ẹnikẹ́ni pàtó. Bí mo bá sọ pé *wọ́n bí mi ní Kétu*, kò sí ẹni tí yóò bi mí pé àwọn wo ló bí mi.

Bí àgbẹ̀ tó pàdánù oko rẹ̀ bá sọ gbólóhùn (4), ó ṣeé ṣe kí *wọ́n* kẹta yìí ni ó ní lọ́kàn. Bí a bá wá kọ ọ́ sílẹ̀ ní Faransé pé *ils ont mis le feu à mon champ*, *ils* á máa wá àwọn tó dúró fún. Níbi tí àgbẹ̀ àti darandaran bá ti ń fura sí ara wọn, kò ní pẹ́ tí ẹni tó ń ka ìwé náà yóò fi darandaran sínú àlàfo yẹn, bẹ́ẹ̀ ni olóko kò dárúkọ ẹnikẹ́ni. *On a mis le feu à mon champ* ló sún mọ́ ohun tó sọ.

Ọ̀nà kan wà láti dán an wò. Ẹ fi *n kò mọ ẹni tó ṣe é* kún un:

(5) a. Wọ́n dáná sun oko mi. N kò mọ ẹni tó ṣe é.
b. #Àwọn ló dáná sun oko mi. N kò mọ ẹni tó ṣe é.

(5a) kò ní ìṣòro kankan. (5b) ta ko ara rẹ̀, nítorí *àwọn* tí a gbé sí iwájú gbólóhùn gbọ́dọ̀ ní ẹni tí ó ń tọ́ka sí.

4. Ìkéde lórí rédíò

Tí àsìkò iná bá ti dé, ìkéde tó rọrùn jù láti ṣe ni *ẹ má dáná sun igbó*. Nítorí pé *sun* ni ọ̀rọ̀ fún ohun tí àgbẹ̀ ń mọ̀ọ́mọ̀ ṣe, ìkéde yìí kan iná àtètèdá náà. Ẹni tó bá gbọ́ràn sí i lẹ́nu á fi koríko sílẹ̀ títí di Oṣù Kejì, nígbà tí ìṣáná ẹlòmíràn á sọ ọ́ di iná tí apá kò ká. Bí a bá sì túmọ̀ *feu précoce* sí *iná kíákíá*, etí Yorùbá lè gbọ́ ọ bí iná tó ń yára jó, èyí tó jẹ́ òdìkejì ohun tí a fẹ́ sọ.

Èdè wa ti ní ohun tí a nílò. Mo dábàá gbólóhùn bí èyí: *Bí ẹ bá fẹ́ sun ún, ẹ tètè sun ún kí ọyẹ́ tó mú, kí ẹ gba àṣẹ, kí ẹ ro etí oko yíká, kí ẹ má sì kúrò níbẹ̀ títí iná yóò fi kú. Bí ó bá pẹ́, ìgbẹ́ á jó, oko ọmọnìkejì yín á sì bá a lọ.* Kò sí ọ̀rọ̀ tuntun kankan nínú rẹ̀. *Sun* àti *jó* ló ń ya iná méjèèjì sọ́tọ̀.

5. Ìparí

Sátẹ́láìtì bíi Terra, tí wọ́n gbé sójú òfuurufú ní 1999, àti Aqua, tí wọ́n gbé lọ ní 2002, lè rí ibi tí iná wà ní Ṣábẹ̀. Wọn kò lè sọ ẹni tó dá a tàbí èrò tó wà lọ́kàn rẹ̀. Ẹnu olóko ni a ti máa gbọ́ ìyẹn. Nítorí náà, kí akẹ́kọ̀ọ́ tó bá ń ṣe ògbufọ̀ kọ́kọ́ bi olóko ní ìbéèrè mẹ́ta kí ó tó kọ Faransé rẹ̀ sílẹ̀: Ṣé ó jó ni, àbí ẹnìkan sun ún? Bí ẹnìkan bá dáná, ṣé oko yín ló dáná sí, àbí ibòmíràn ló ti ràn wá? Ṣé ẹ mọ àwọn tí ẹ pè ní *wọ́n*? Kí ó sì kọ ìdáhùn náà sílẹ̀ ní Yorùbá lẹ́gbẹ̀ẹ́ Faransé, kí ẹni tó máa dájọ́ lè rí méjèèjì.