Ẹ̀ga Kì Í Ṣe Òmùgọ̀

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, ẹ gbọ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ilé-ẹ̀kọ́ wa ní Arẹ́pò, níbi tí àwọn ẹ̀ga ti kọ́lé kún orí ọ̀pẹ kan. Mo bá ọ̀kan nínú àwọn ọmọ kíláàsì mi tí ó na òkúta sókè. Ó ní, "Tíṣà, olè nìyẹn! Ẹ̀yin náà lẹ kọ́ wa."

Mo wòkè. Abo ẹ̀ga ni, ó gbé kòkòrò sẹ́nu. Mo gba òkúta náà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìdajì ẹ̀kọ́ ni mo ti kọ́ wọn.

Olè wà lóòótọ́. Bí eégbọn ti ń mu ẹ̀jẹ̀ ajá, bẹ́ẹ̀ ni ẹyẹ tí à ń pè ní Diederik ń jẹ làálàá ẹ̀ga. Ẹ̀yìn rẹ̀ ní àwọ̀ ewé tí ń dán, ikùn rẹ̀ funfun. Kì í kọ́lé. Abo rẹ̀ a yọ́ wọlé ẹ̀ga, a gbé ẹyin kan kúrò, a yé tirẹ̀ síbẹ̀. Ọmọ rẹ̀ a tètè jáde, a sì ti ẹyin onílé síta. Ìyá ẹ̀ga a wá máa bọ́ ọmọ ọlọ́mọ.

Ṣùgbọ́n ẹ̀ga kì í ṣe òmùgọ̀. Ẹyin ti ẹ̀ga kan lè funfun, ti èkejì lè ní àwọ̀ ojú ọ̀run, ti ẹ̀kẹta lè ní àmì tótòtó. Irú kan náà ni abo kọ̀ọ̀kan ń yé títí ayé rẹ̀. Èyí tí kò bá jọ tirẹ̀, síta ni yóò jù ú. Ó dà bí ohun tí à ń kọ sára ògiri ní àdúgbò wa: "Ilé yìí kì í ṣe títà."

Ó ti lé ní 200 ọdún tí wọ́n ti kó ẹ̀ga láti Áfíríkà dé erékùṣù tí Háítì wà. Kò sí Diederik níbẹ̀. Ní ọdún 2005, David Lahti tẹ ìwádìí jáde pé ẹyin ilé kan àti èkejì ti ń jọra ju ti Áfíríkà lọ, bẹ́ẹ̀ ni ẹyin inú ilé kan náà kò bára mu tó tẹ́lẹ̀ mọ́. Níbi tí olè kò sí, àmì a máa ṣá.

Ọmọ náà ní, "Tíṣà, wọn ò wá lè tàn án jẹ mọ́?"

Mo ní, "Wọ́n ń tàn án nígbà mìíràn, nítorí olè náà a máa yé ẹyin tí ó jọ ti onílé. Ṣùgbọ́n wo orí ọ̀pẹ yẹn: àwọn ẹ̀ga kò ì tán."

Ẹ̀yin òbí, kí a tó sọ̀kò lu olè, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ mọ onílé.