Ṣé O Mọ̀? Ata Rodo Kì Í Ṣe Ọmọ Ilé

Ṣé o mọ̀ pé àlejò ni ata rodo? Òun, ṣọ̀mbọ̀, tàtàṣé, ata wẹ́wẹ́, ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni gbogbo wọn ti ṣẹ̀. Lẹ́yìn ìrìnàjò Columbus ní 1492 ni wọ́n tó gba ojú òkun dé ọ̀dọ̀ wa. Jacquin, òyìnbó tó sọ rodo lórúkọ ìwé ní 1776, tilẹ̀ rò pé Ṣáínà ni ilé rẹ̀, ó pè é ní Capsicum chinense. Orúkọ àṣìṣe ló ń jẹ́ títí dòní.

Ṣé o mọ̀ pé ata kì í ta ẹyẹ? Abájọ tí ata wẹ́wẹ́ fi ń lalẹ̀ hù lábẹ́ kòkó ní Ọ̀nà-Àrá láìsí ẹni tó gbìn ín: ẹyẹ jẹ, ẹyẹ su, ata hù. Àwa ló ń ta. Ibi tí ara fi ń mọ iná náà ló fi ń mọ ata. David Julius tó tú àṣírí yìí gba ẹ̀bùn Nobel ní 2021. Ẹni tó ní ata ń jó òun lẹ́nu kò parọ́. Omi ò sì lè pa á, inú ọ̀rá ni oje ata ti ń yòrò. Wàrà ni kó mu.

Kí ló wá ń ta nínú ọbẹ̀ àwọn baba ńlá wa kí ata tó dé? Ìyèré wà, atare wà. Ìtàkùn inú igbó ni ìyèré, ìbátan ata dúdú Íńdíà. Àwọn Potogí tó dé Ìbíní ní nǹkan bí 1486 rà á lọ sílé; lẹ́yìn tí wọ́n rí ọ̀nà Íńdíà ní 1498, wọ́n pa á tì. Àwa náà ńkọ́? Ní ọjà Mọ́níyà tàbí Lálúpọn, má wá ìyèré lọ sọ́dọ̀ aláta. Ọ̀dọ̀ ẹlẹ́wẹ́ọmọ ni wàá ti rí i, nítòsí ẹ̀ẹ̀rù àti kànáfùrù. Lójú tèmi, ìwọ̀sí ni. (Kànáfùrù gan-an, ará Indonéṣíà ni, epo inú rẹ̀ a máa mú ìrora eyín rọlẹ̀.)

Irú ò ṣí nípò ní tiẹ̀. Wọ́n á se kóró igbá mọ́jú, wọ́n á bó o, wọ́n á ṣàn án, wọ́n á tún sè é, wọ́n á bò ó mọ́ ooru fún ọjọ́ méjì sí mẹ́ta. Kòkòrò àìfojúrí tó ń sọ ọ́ di irú, Bacillus subtilis, òun náà làwọn ará Japan fi ń sọ ẹ̀wà sóyà di nattō. Nattō ń yọ̀, ó ń rùn, wọ́n sì ń jẹ ẹ́ láàárọ̀! Èròjà amúaradàgbà pọ̀ nínú irú. Abájọ tí ẹ̀fọ́ aláìlẹ́ran tí irú wà nínú rẹ̀ fi ń wọlé.

Ẹfinrin ẹ̀yìnkùlé ńkọ́? Àwọn àgbà a máa gbo ó mu fún inú rírun. Thymol, ohun tó ń ta sánsán nínú rẹ̀, wà nínú tháìmù tí a ń fowó rà. Ti ẹ̀yìnkùlé ò kàn ní ike ni.